Lẹ́tà sí bàbá aláyò lẹ́bàá ojú irin

Bàbá mi,

Ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta o. Èmi ni ọmọ tó gbé kámẹ́rà wá bá yín nídìí ọpọ́n ní Òṣogbo, tí mo ní kí àwọn tó dúró tì yín dákẹ́ díẹ̀, kí ariwo wọn má ba fíìmù mi jẹ́. Ẹ wò mí títí, ẹ ní, "Pa nǹkan yẹn ná. Wá jókòó."

Fíìmù kéékèèké ni mò ń ṣe lórí ayò ọlọ́pọ́n. Ihò 12, ọmọ ayò 48, mẹ́rin nínú ihò kọ̀ọ̀kan. Mo ti ya gbogbo ìyẹn, ọkàn mi ti balẹ̀. Àfìgbà tí mo jókòó síwájú yín.

Ẹ ò ta ihò yín tó gbẹ̀yìn lápá ọ̀tún rárá. Ẹ kàn ń fi ìka tọ́ ọmọ inú ẹ̀ wò, ẹ ó tún fi í sílẹ̀. Odù, ìyẹn ọmọ ayò rẹpẹtẹ nínú ihò kan ṣoṣo, lẹ ń kó jọ lójú mi kòrókòró! Fọkanáísà tó dúró lẹ́yìn mi pè mí ní ọ̀pẹ, ẹni tí kò mọ ayò ta, ó ké: "Ọ̀pẹ! Odù ti gbó lójú ẹ!" Kí n tó wojú ọpọ́n, ẹ ti kó ọmọ 15, ẹ ta á yí ọpọ́n ká, ẹ fo ihò tí ẹ ti kó o, ẹ tún padà wọ ọ̀dọ̀ mi. Ihò mẹ́rin lẹ jẹ lẹ́ẹ̀kan náà.

Mo pa kámẹ́rà lóòótọ́, àmọ́ ẹ̀rọ agbohùnsílẹ̀ tó wà lápò mi kò kú. Alẹ́ ọjọ́ yẹn ni mo gbọ́ ọ. Ẹnì kan ń kọjá, ó kí ọ̀ta tó mọ ayò ta, ó kí ọ̀pẹ náà, ó ní, "Mo kọ́ta, mo kọ́pẹ o!" Ẹ dá a lóhùn: "Ọ̀ta ń jẹ́, ọ̀pẹ ò gbọdọ̀ fọhùn." Ni gbogbo ibẹ̀ bá bú sẹ́rìn-ín, torí èmi ọ̀pẹ ti lanu.

Fíìmù mẹ́ta ni mo ti ṣe ṣáájú, kò sí èyí tó ní irú ẹ̀mí bẹ́ẹ̀ nínú. Èmi fúnra mi ni mo gé ohùn àwọn òǹwòran dànù. Ó dùn mí, torí ọmọ Òṣogbo ni mí, ìlú tí Dúró Ládiípọ̀, eléré tíátà, ti sọ ilé ọtí ẹ̀ di Mbari Mbayo, ojúkò eré àti iṣẹ́ ọnà, ní 1962, tó gbé tíátà wá sáàárín ará àdúgbò. Ó yẹ kí n ti mọ̀ pé ẹni tó dúró wòran náà wà nínú eré.

Bàbá, ohùn yẹn ni mo fẹ́ fi ṣe fíìmù tó kàn: ọpọ́n àti ọwọ́ nìkan la ó máa rí, kí àwàdà àti èébú ayò máa dún síni létí. Àmọ́ mi ò tọrọ àyè kí n tó gbà á sílẹ̀. Bí ẹ ò bá fẹ́, mi ò ní lò ó.

Màá wá lọ́sàn-án Sátidé. Màá fi kámẹ́rà sílé. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi sọ fún fọkanáísà náà kó dúró dè mí, torí ohùn tiẹ̀ náà wà níbẹ̀.

Ọmọ yín,
oníkámẹ́rà.