Iṣẹ́ Ishiro Honda Kì í Ṣe Eré Ọmọdé

Olóòtú ọ̀wọ́n,

Ẹ kú iṣẹ́ ìwé ìròyìn o. Mo ka ohun tí ẹ gbé jáde lórí fíìmù àwọn ẹranko abàmì, ẹ̀ẹ̀mejì ni mo sì kà á kí n tó mú bírò. Inú mi dùn pé ẹ fún Godzilla láyè, fíìmù Jàpáànù ti 1954 nípa ẹranko ńlá kan tó ti inú òkun jáde. Ohun tó dùn mí ni pé ìtàn ẹranko náà kún ojú ewé kan gbáko, síbẹ̀ orúkọ Ishiro Honda tó darí fíìmù náà kò yọ níbì kankan. Nígbà tó wá kù díẹ̀ kó parí, òǹkọ̀wé yín ní eré ọmọdé ni gbogbo irú fíìmù bẹ́ẹ̀, pé olùdarí tí kò ríṣẹ́ gidi ṣe ló ń lọ sídìí rẹ̀. Ọ̀rọ̀ yẹn ni mo fẹ́ fèsì sí.

Ọmọ àlùfáà ẹ̀sìn Búdà ni Honda. Agbègbè Yamagata ní Jàpáànù ni wọ́n bí i sí ní 1911. Ó kọ́ nípa fíìmù ní yunifásítì, ní 1933 ó sì wọ ilé iṣẹ́ fíìmù tó padà di Toho. Ibẹ̀ ló ti ń kọ́ṣẹ́ lọ́wọ́ tí ìjọba fi pè é sí iṣẹ́ ológun. Ó lọ, ó dé, wọ́n tún pè é. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni wọ́n pè é. Nígbà tí Akira Kurosawa, ọ̀rẹ́ rẹ̀ tí wọ́n jọ kọ́ṣẹ́, fi darí fíìmù tirẹ̀ ní 1943, igbákejì olùdarí ni Honda ṣì jẹ́. Ọdún 1951 ni fíìmù ìtàn gígùn àkọ́kọ́ tí òun náà dá darí tó jáde. Ó ti pé ẹni ogójì ọdún.

Nítòsí Hankou ní Ṣáínà, ọta mọ́tà kan, ìyẹn ọta ìbọn ńlá tó máa ń bú gbàmù, já bọ́ síwájú rẹ̀ gan-an, kò sì bú. Nígbà tí ìjà rọlẹ̀, ó padà lọ wá a, ó gbé e wá sílé ní Jàpáànù, ó sì gbé e lé orí tábìlì nínú yàrá tó ti ń ṣiṣẹ́. Ibẹ̀ ló wà títí ọlọ́jọ́ fi dé. Mo máa ń ronú sí i gan-an. Ọkùnrin kan jókòó, ó ń ro bí ẹranko ńlá kan yóò ṣe ti inú òkun jáde wá ba ìlú jẹ́, irin tó yẹ kó ti pa á sì wà níwájú rẹ̀ tó ń wò ó. Ní 1946, nígbà tó ń darí bọ̀ láti ojú ogun, ọ̀nà Hiroshima ni ọkọ̀ ojú irin rẹ̀ gbà. Ó fojú ara rẹ̀ rí ohun tí bọ́ḿbù átọ́míìkì sọ ìlú náà dà.

Báwo lèèyàn ṣe máa sọ irú nǹkan bẹ́ẹ̀? Lẹ́yìn ogun, àwọn ológun Amẹ́ríkà tó ń ṣàkóso Jàpáànù fọwọ́ bo ọ̀rọ̀ bọ́ḿbù náà mọ́lẹ̀ nínú ìwé ìròyìn àti nínú fíìmù. Wọn ò kúrò níbẹ̀ títí di 1952. Nígbà tó wá di ọjọ́ 1 oṣù Kẹta 1954, Amẹ́ríkà dán bọ́ḿbù háídrójìn wò ní erékùṣù Bikini, eérú olóró rẹ̀ sì bọ́ lé ọkọ̀ apẹja Jàpáànù kan tí wọ́n ń pè ní Daigo Fukuryu Maru lórí. Èèyàn 23 ló wà nínú ọkọ̀ náà, àìsàn kọlu gbogbo wọn. Ní oṣù Kẹsàn-án, ọ̀kan nínú wọn kú. Ọjọ́ 3 oṣù Kọkànlá ọdún yẹn kan náà ni Godzilla jáde, ọkọ̀ ojú omi tí iná òjijì mọ́ lójú òkun tó sì jó rì ló sì fi bẹ̀rẹ̀. Àwọn tó wà nínú ilé sinimá mọ ohun tí wọ́n ń bá àwọn sọ. Bí òwe bí òwe là ń lùlù àgídìgbo; ọlọ́gbọ́n ní í jó o, ọ̀mọ̀ràn ní í mọ̀ ọ́n. Ìlù àgídìgbo ni Honda ń lù, òǹkọ̀wé yín sì ka ijó náà sí eré ọmọdé.

Ẹ jẹ́ kí n mú ibì kan péré nínú fíìmù náà. Iná ti gba ìgboro Tokyo. Ìyá kan jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, ó kó àwọn ọmọ rẹ̀ mọ́ra, ó ń sọ fún wọn pé kò ní pẹ́ mọ́, àwọn ò ní pẹ́ dé ọ̀dọ̀ bàbá wọn. Ó tán. Kò sẹ́ni tó ṣàlàyé ibi tí bàbá náà lọ, ìyá náà kò sì tún jẹ́ nǹkan kan nínú ìtàn yẹn mọ́. Ọdún kẹsàn-án lẹ́yìn ogun ni. Mélòó nínú àwọn obìnrin tó ń wò ó ni wọn yóò ṣẹ̀ṣẹ̀ máa túmọ̀ rẹ̀ fún? Nígbà àkọ́kọ́ tí mo débẹ̀, ńṣe ni mo dá a dúró, mo dá a padà, mo tún gbọ́ ọ. Lẹ́yìn ìyẹn ni ilé ìwòsàn: onímọ̀ ìjìnlẹ̀ kan gbé ẹ̀rọ tó ń wọn ìtànṣán olóró sún mọ́ ọmọdé kan, ẹ̀rọ náà ń ta pápápá, ọkùnrin náà sì mi orí. Ta ló ń ṣe irú èyí fún ọmọdé?

Òótọ́ ni pé èèyàn ló wà nínú awọ ẹranko náà. Haruo Nakajima ló gbé e wọ̀, ẹrù tó tó ọgọ́rùn-ún kílò, lábẹ́ iná tó ń jó ni lára. Eiji Tsuburaya ló mójú tó ìlú kéékèèké tí wọ́n mọ tó ń wó, òun ló jẹ́ kí kámẹ́rà sáré nígbà tí wọ́n ń yà á kí ìrìn ẹranko náà lè wúwo lójú wa. Igbe rẹ̀ náà, ibọ̀wọ́ awọ ni Akira Ifukube tó kọ orin fíìmù náà ní kí wọ́n fi pa okùn gòjé ńlá tí wọ́n ti tú sílẹ̀. Ọgbọ́n ọwọ́ ni gbogbo ìyẹn, mo sì kan sáárá sí wọn. Ṣùgbọ́n ọ̀dọ̀ Honda ni ọ̀rọ̀ àwọn èèyàn inú fíìmù náà wà, òun náà ló sì bá Takeo Murata kọ ọ́. Kí iṣẹ́ tó bẹ̀rẹ̀, ó ní kí àwọn òṣìṣẹ́ ka àkọsílẹ̀ eré náà, kí ẹni tí kò bá gbà á gbọ́ tètè sọ kó sì yẹra. Kò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni máa fi rẹ́rìn-ín lẹ́yìn kámẹ́rà. Ó máa ń sọ pé ẹni àánú ni àwọn ẹ̀dá abàmì, pé wọ́n bí wọn tóbi jù, wọ́n lágbára jù, wọn ò sì yan ibi.

N ò bínú sí òǹkọ̀wé yín jù bẹ́ẹ̀ lọ, nítorí mo mọ ibi tó ṣeé ṣe kí àṣìṣe rẹ̀ ti wá. Ní 1956, àwọn ará Amẹ́ríkà gé fíìmù náà, wọ́n ki òṣèré wọn Raymond Burr bọ inú rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí akọ̀ròyìn, wọ́n sì yọ ọ̀pọ̀ ohun tó kan bọ́ḿbù kúrò. Obìnrin kan wà nínú ọkọ̀ ojú irin tó ń sọ pé òun yè bọ́ ní Nagasaki. Wọ́n gé e. Ìṣẹ́jú 96 di 80. Èyí tí wọ́n gé yìí ni èmi náà kọ́kọ́ wò ní kékeré, lójú mi nígbà náà, ẹranko tó ń wó ilé lásán ni.

Àwọn iṣẹ́ rẹ̀ yòókù, n ò ní pọ́n gbogbo wọn lé. Owó tí Godzilla pa ló jẹ́ kí Toho máa ní kó tún ṣe irú ẹ̀ wá: Rodan ní 1956, Mothra ní 1961, ìjà Godzilla àti King Kong ní 1962. Nígbà tó yá, owó iṣẹ́ dínkù, wọ́n sì sọ ẹranko náà di ọ̀rẹ́ àwọn ọmọdé. Nínú àwọn tó gbẹ̀yìn, ó rẹ̀ mí láti wo òmíràn dópin. Ṣùgbọ́n ẹ wo Matango, ti 1963. Ọkọ̀ ojú omi àwọn olówó kan bàjẹ́ sí erékùṣù, ebi dé, olú ló kù tí wọ́n lè jẹ, ẹni tó bá sì jẹ ẹ́ á di olú. Kò sí ẹranko tó ń wó ìlú nínú ìyẹn. Ìwà èèyàn nígbà tí oúnjẹ bá tán ló wà níbẹ̀, ọwọ́ ẹni tó ti rógun rí sì hàn nínú rẹ̀.

Nígbà tí àwọn èèyàn ń fi ilé sinimá sílẹ̀ tí wọ́n ń jókòó ti tẹlifíṣọ̀n nílé, Honda bá wọn lọ síbẹ̀. Ní 1971, òun ló darí apá àkọ́kọ́ eré Ultraman tuntun tó jáde lọ́dún yẹn, eré akọni ńlá tó ń bá ẹranko abàmì jà, òun náà ni wọ́n sì tún pè fún apá tó kẹ́yìn. Ìdajì wákàtí ni wọ́n ń fún un níbẹ̀, kò sì fojú kéré rẹ̀. Fíìmù ńlá tó darí kẹ́yìn jáde ní 1975.

Lẹ́yìn náà ló ṣe ohun tí mo rò pé ó yẹ kí ẹ fi odidi ojú ewé kan kọ. Ọkùnrin tí gbogbo ayé ti wo fíìmù rẹ̀ gbà láti padà di igbákejì fún ọ̀rẹ́ rẹ̀. Láti Kagemusha ní 1980, fíìmù márùn-ún ló bá Kurosawa ṣe. Nínú èyí tó jáde ní 1990, ọ̀gágun kan jáde láti inú ihò ọ̀nà, àwọn ọmọ ogun rẹ̀ tó ti kú sì tẹ̀ lé e jáde, wọn ò mọ̀ pé àwọn ti kú. Ẹ̀yin tí ẹ bá ti gbọ́ nípa ọta mọ́tà orí tábìlì yẹn, ẹ wo ibẹ̀ yẹn wò. Ọjọ́ 28 oṣù Kejì 1993 ni Honda kú, lẹ́ni ọdún 81. Fíìmù karùn-ún náà kò tíì jáde.

Olóòtú, ẹ̀bẹ̀ tí mo ní kò pọ̀. Ẹ bá mi wá ẹ̀dà Godzilla ti Jàpáànù, èyí tó gba ìṣẹ́jú 96, fún òǹkọ̀wé yín. Kó wò ó débi tí ìyá yẹn jókòó sí kó tó tún kọ̀wé. Bí ẹ bá sì ní àyè fún àtúnṣe lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀, orúkọ tó yẹ kó wà níbẹ̀ ni Ishiro Honda.

Èmi ni òǹkàwé yín tòótọ́.