Lẹ́tà sí Ẹ̀yin Ọ̀dọ́ Tí Ẹ Fẹ́ Gbé Kámẹ́rà Wọ Ibi Ìtọ́jú Ọpọlọ

Ẹ̀yin ọmọ mi,

Inú mi dùn pé púpọ̀ nínú yín, tí ẹ ń kọ́ nípa ìrònú àti ìhùwàsí ẹ̀dá, fẹ́ máa fi fíìmù dọkumẹ́ńtárì ṣàlàyé iṣẹ́ wa fún aráyé. Àjọ Ìlera Àgbáyé ṣírò rẹ̀ pé ní ọdún 2019, ẹnì kan nínú mẹ́jọ ní gbogbo ayé ló ń bá àìsàn ọpọlọ fínra, síbẹ̀ ojú ìbẹ̀rù tàbí ojú àánú ni ọ̀pọ̀ fi ń wò wọ́n. Fíìmù lè tún ojú yẹn ṣe. Ó sì lè bà á jẹ́ sí i, ìdí nìyí tí mo fi ń kọ̀wé sí yín.

Ní ọdún 1967, Frederick Wiseman gbé fíìmù kan jáde tí ó fi ìyà tí ń jẹ àwọn tí wọ́n tì mọ́ Bridgewater, ilé ìwòsàn ọpọlọ ìjọba ní ìpínlẹ̀ Massachusetts ní Amẹ́ríkà, hàn kedere. Ilé ẹjọ́ fòfin dè é pé ó tú àṣírí àwọn aláìsàn, kò sì ṣeé fi han gbogbo ènìyàn títí di ọdún 1991. Àwọn kan ní ìtìjú ara rẹ̀ ni ìjọba ń bò, mo sì gbà pé òótọ́ wà níbẹ̀. Ṣùgbọ́n ìbéèrè tí ẹjọ́ náà gbé dìde kò tíì tán nílẹ̀: ta ló ni ojú ẹni tí ara rẹ̀ kò yá?

Òun ló ni ín. Nítorí náà, ẹ má ṣe gba ìyọ̀ǹda lọ́wọ́ ẹni tí àìsàn ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé dé; ẹ jẹ́ kí ọkàn rẹ̀ balẹ̀ ná. Ẹ bi í kí ẹ tó tan kámẹ́rà, ẹ tún bi í nígbà tí ẹ bá ti to fíìmù náà tán, kí òun sì wò ó ṣáájú ẹnikẹ́ni. Bí ó bá ní kí ẹ yọ ibì kan, ẹ yọ ọ́, ìbáà jẹ́ ibẹ̀ ló wù yín jù. Ẹni tí ẹ̀yin fúnra yín ń tọ́jú lọ́wọ́, ẹ má yà á rárá, torí kì í rọrùn láti kọ̀ fún ẹni tí ìwòsàn èèyàn wà lọ́wọ́ rẹ̀.

Èyí tí ó ká mi lára jù ni pé igbe àti ìjà ni kámẹ́rà máa ń sáré wá. Ẹ wo ọkùnrin kan tí ó ń de bọ́tìnnì ẹ̀wù rẹ̀ láàárọ̀. Ọwọ́ rẹ̀ ń gbọ̀n, bọ́tìnnì ń yọ̀ bọ́, ó tún ń mú un. Olùwòran yóò rò pé àìsàn náà ló fà á, bẹ́ẹ̀ àwọn oògùn kan tí a fi ń tọ́jú rẹ̀ máa ń mú ọwọ́ gbọ̀n. Ẹ má gé e kúrú. Ẹ dúró títí yóò fi de èyí tí ó kẹ́yìn, kí òun fúnra rẹ̀ sì sọ ohun tí oògùn náà ń ṣe fún un àti ohun tí ó ń gbà lọ́wọ́ rẹ̀, iṣẹ́ tí ó ń ṣe, àti ohun tí ń bí i nínú. Ẹ má fi orin arò sábẹ́ ọ̀rọ̀ rẹ̀. Ẹ ya nọ́ọ̀sì tí ó ṣiṣẹ́ mọ́jú náà, nítorí ó ń rẹ olùtọ́jú pẹ̀lú.

Ìwádìí ti fi hàn pé bíbá ẹni tí ó mọ irú àìsàn bẹ́ẹ̀ lára pàdé lójúkojú ń yí èrò àgbàlagbà padà ju wíwo fídíò rẹ̀ lọ. Nítorí náà, bí ó bá wù ú, ẹ pè é wá síbi tí ẹ ti ń fi fíìmù náà hàn, ẹ san owó ọkọ̀ àti owó àkókò rẹ̀, kí ẹ sì gbé gbohùngbohùn fún un. Ẹ̀yin ẹ jókòó sáàárín àwọn olùwòran, kí ẹ máa dáhùn nígbà tí wọ́n bá bi yín nípa ìtọ́jú.

Èmi ni,
Àgbà yín lẹ́nu iṣẹ́ yìí.