Lẹ́tà sí ọmọ àbúrò mi tó ń kọ ìtàn ìwé ìròyìn Èkó

Ọmọ àbúrò mi àtàtà,

Mo ti ka iṣẹ́ tí o fi ránṣẹ́ lórí àwọn ìwé ìròyìn àtijọ́ ní Èkó. Ó mọ́ tónítóní, àmọ́ orúkọ àti ọdún ló kún inú rẹ̀: lágbájá dá tirẹ̀ sílẹ̀, làkáṣègbè tẹ̀ lé e. Ilé ìtẹ̀wé ló ń gbé ìwé ìròyìn ró ní Erékùṣù Èkó nígbà yẹn, gbèsè ló sì ń pa á. Ohun méjì yẹn ni kí o wá lọ. Iṣẹ́ ìtẹ̀wé ni mo fi ń jẹun ní Ṣómólú, nítorí náà, bí ọ̀rọ̀ mi bá ń rùn tàdáwà, fara dà á.

Kọ́kọ́ tún ibì kan ṣe. Ìwé Ìròhìn ti Henry Townsend tó jáde ní 1859, Abẹ́òkúta ni, kì í ṣe Èkó. Ìwé Ìròhìn Èkó ti Andrew Thomas, ọdún 1888 nìyẹn. Má ṣe dà wọ́n pọ̀ mọ́. Anglo-African ló kọ́kọ́ jáde ní Èkó. Robert Campbell, ọmọ Jàmáíkà, ló bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ ní oṣù kẹfà ọdún 1863, ó sì wọlé sùn ní 1865. Ó tó bí ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún lẹ́yìn náà kí Richard Beale Blaize tó gbé Lagos Times jáde ní oṣù kọkànlá ọdún 1880. Blaize ti ṣiṣẹ́ atẹ̀wé kó tó di oníṣòwò ńlá. O kò kọ ìyẹn sílẹ̀ rárá, bẹ́ẹ̀ òun gan-an ni kókó. John Payne Jackson tó wá láti Làìbéríà gbé Lagos Weekly Record jáde ní 1891, ọmọ rẹ̀ sì gbà á lọ́wọ́ rẹ̀ títí di 1930. Kò sí ẹlòmíì nínú wọn tó pẹ́ tó bẹ́ẹ̀.

Lẹ́yìn 1920 ni ti Yorùbá wá ń rọ́ jáde: Èkó Àkéte ti Adéoyè Dẹ́nígà ní 1922, Elétí Ọfẹ ti Akíntàn ní 1923, Èkó Ìgbẹ̀yìn ní 1926, Akéde Èkó ti Isaac Thomas ní 1928. O ní ìfẹ́ èdè ló fà á. Ó wà níbẹ̀, àmọ́ wo ohun tó ń ṣẹlẹ̀ nílùú. Ní 1923 ni wọ́n kọ́kọ́ dìbò yan aṣojú mẹ́ta fún Èkó sí Ìgbìmọ̀ Aṣòfin. Ọkùnrin tó ń rí £100 lọ́dún nìkan ló lè dìbò, àmọ́ gbogbo ọjà ló ń jà sí i. Ní 1925 ìjọba rọ Ọba Èṣùgbàyí Elékòó lóyè, wọ́n lé e lọ sí Ọ̀yọ́, ó sì di 1931 kó tó padà. Kò sí agboolé kan ní Ìsàlẹ̀ Èkó tí kò gbè sápá kan. Ẹni tí kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì náà fẹ́ mọ ohun tí wọ́n sọ ní kóòtù lórí ẹjọ́ Ọba náà.

Ó kan ẹ̀rọ wàyí. Lẹ́tà òjé ni wọ́n ń tò, ọ̀kọ̀ọ̀kan, láti inú àpótí onílé kéékèèké. Ẹni tó ń to lẹ́tà á kó wọn sínú irin kékeré tó wà lọ́wọ́ òsì rẹ̀, òdì ni yóò sì máa kà wọ́n, bí ìgbà téèyàn ń wo ọ̀rọ̀ nínú dígí. Bí ìlà bá kún, á fi òjé pẹlẹbẹ dí àlàfo inú rẹ̀ kó lè le. Lẹ́yìn náà ni wọ́n á fi okùn di gbogbo rẹ̀, wọ́n á tẹ ẹ̀dà kan wò, wọ́n á ṣàtúnṣe, wọ́n á wá fi igi àti èèkàn há a mọ́ inú férémù irin. Ibi tí wàhálà wà nìyẹn. Bí ìlà kan bá kúrú díẹ̀, férémù náà á dà bí èyí tó le, àmọ́ bí wọ́n bá gbé e dìde, àárín rẹ̀ á já sílẹ̀, gbogbo ojú ewé á sì di òkìtì òjé.

Tí wọ́n bá tẹ̀ ẹ́ tán, wọ́n gbọ́dọ̀ fọ lẹ́tà, kí wọ́n dá ọ̀kọ̀ọ̀kan padà sí ilé rẹ̀ kí wọ́n tó lè to ti ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀. Ilé ìtẹ̀wé kékeré kì í ní òjé tó tó ojú ewé mẹ́jọ lẹ́ẹ̀kan náà. Bí o bá rí i pé ìwé ìròyìn kan pẹ́ kó tó jáde, má sáré kọ ọ́ pé olóòtú rẹ̀ ya ọ̀lẹ.

Ti àmì sí ìsàlẹ̀ ńkọ́? Àpótí lẹ́tà tí wọ́n ń kó wá láti ìlú òyìnbó kò ní ẹ, ọ àti ṣ nínú, àfi kéèyàn bẹ̀ ẹ́ lọ́tọ̀. Yorùbá sì ń jẹ ọ àti ẹ bí ẹní jẹ̀pà. Bó bá tán nínú àpótí, o àti e lásán ni atẹ̀wé á fi dípò. Nítorí náà, bí àmì yẹn bá pọ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀ ìròyìn tó sì ṣọ̀wọ́n ní ìparí rẹ̀, wo àpótí kí o tó bú akọ̀wé.

Owó wá ni ìjà gidi. Òfin 1903 ní kí oníwèé ìròyìn fọwọ́ sí ìwé àdéhùn £250 pẹ̀lú onígbọ̀wọ́ kó tó tẹ ohunkóhun. Àwọn aṣojú tó ń tà á ní ìlú òkè ń gba ìwé láwìn, ọkọ̀ ojú irin Ìddó ń kó o lọ, owó kì í sì í tètè padà. Àwọn tó ṣèlérí àsansílẹ̀ ń kà á lọ́fẹ̀ẹ́. Wá ibi tí olóòtú ti ń bẹ àwọn onígbèsè. Wàá rí i ju ibi tó ti ń bú ìjọba lọ. Fi Daily Times tó bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ kìíní oṣù kẹfà 1926 wé wọn: ilé iṣẹ́ ló wà lẹ́yìn ìyẹn, ìpolówó sì wà. Isaac Thomas ti Akéde Èkó ní tirẹ̀ fi ìtàn àròsọ Sẹ̀gilọlá dẹkùn fún àwọn òǹkàwé láti 1929 wọ 1930: ó ń gbé e jáde bí lẹ́tà tí obìnrin náà kọ sí olóòtú, ọ̀kan tẹ̀ lé òmíràn. Mo gbà pé ọgbọ́n ọjà wà níbẹ̀ tó ọgbọ́n orí.

Tí o bá dé Ìbàdàn, yálà ilé àkójọ ìwé ìjọba tàbí Kenneth Dike Library, pẹ́ńsù nìkan ni kí o mú wọlé. Má fi itọ́ ṣí ewé. Bébà ìwé ìròyìn ti gbó, etí rẹ̀ á ṣẹ́. Ohun tí o ń wá, fi àkọtọ́ àtijọ́ wá a: aiye, enia, nwọn, yio. Ya àwòrán orí ìwé, níbi tí ọjọ́ àti nọ́ńbà wà, àti ìsàlẹ̀ ojú ewé tó kẹ́yìn, níbi tí wọ́n sábà ń kọ orúkọ atẹ̀wé àti àdúgbò rẹ̀ sí. Bí nọ́ńbà bá tẹ̀ léra àmọ́ tí ọjọ́ fo ọ̀sẹ̀ mẹ́ta, ìwé náà dáwọ́ dúró ni. Bí nọ́ńbà àti ọjọ́ bá jọ fò, ó jáde, ẹ̀dà rẹ̀ ló sọnù. Ìyàtọ̀ wà níbẹ̀ o, àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n yín náà máa ń ṣì í.

Bí o bá rí lẹ́tà ńlá tí etí rẹ̀ kán nínú àkọlé, ya àwòrán rẹ̀ súnmọ́ dáadáa, kí o sì fi ránṣẹ́ sí mi. Bí irú ẹ̀kán kan náà bá yọjú nínú ìwé ìròyìn méjì tí àwọn olówó wọn ń bá ara wọn jà, ó ṣeé ṣe kó jẹ́ ilé ìtẹ̀wé kan náà ló ń gba owó lọ́wọ́ àwọn méjèèjì.

Ẹ̀gbọ́n ìyá rẹ,
Ṣómólú