Ẹ Jẹ́ Kí Ìyá Tó Mọ Ijó Wọ Kíláàsì

Olóòtú ọ̀wọ́n,

Òkun o. Ẹ kú iṣẹ́, ẹ kú làálàá.

Ní ìpàdé òbí àti olùkọ́ tí a ṣe kẹ́yìn ní ilé ẹ̀kọ́ kan ní ilẹ̀ Yàgbà níbí, ní ìpínlẹ̀ Kogí, bàbá kan dìde, ó ní òun kò san owó ilé ìwé kí ọmọ òun lè lọ máa jó. Gbọ̀ngàn hó yèè. Kò pẹ́ rárá tí wọ́n fi ìṣirò rọ́pò àkókò tí a fi ń kọ́ àwọn ọmọ ní ijó. Èmi kò bá ìṣirò jà. Ohun tó ń dùn mí ni pé a ti gbà láàárín ara wa pé ẹni tó ń fi ijó kọ́ni kì í ṣe olùkọ́, àti pé ọmọ tó bá mọ̀wé kò gbọ́dọ̀ bá ijó ṣe.

Ẹ wo Pearl Primus, oníjó aláwọ̀ dúdú ní Amẹ́ríkà. Trinidad ni wọ́n bí i sí ní 1919, New York ló sì dàgbà sí. Ó mọ̀wé púpọ̀. Ẹ̀kọ́ nípa ohun abẹ̀mí ló kà ní Hunter College, tó fi jáde ní 1940. Iṣẹ́ dókítà ló wà lọ́kàn rẹ̀. Nítorí pé ó jẹ́ aláwọ̀ dúdú, kò ríṣẹ́ ní láàbù kankan. Bó ṣe bọ́ sídìí ijó nìyẹn. Nígbà tó fi máa di 1943, orúkọ rẹ̀ ti ń ròkè lórí ìtàgé, àwọn èèyàn sì ń sọ̀rọ̀ bó ṣe máa ń fò lọ sókè bí ẹni pé ilẹ̀ kò fẹ́ ẹ mọ́. Èyí tí mo fẹ́ràn jù nínú ìtàn rẹ̀ ni pé kò gbà kí òun máa jó ohun tí òun kò mọ ìdí rẹ̀. Ní 1944, ó lọ sí gúúsù Amẹ́ríkà, ó bá àwọn tálákà aláwọ̀ dúdú ká òwú lóko wọn, ó ń bá wọn wọ ṣọ́ọ̀ṣì, kó lè mọ ìgbésí ayé àwọn tí ijó òun ń sọ̀rọ̀ nípa wọn.

Ní 1948, àjọ Rosenwald, àjọ aláàánú kan ní Amẹ́ríkà, fún un lówó, ó sì gbéra wá sí ilẹ̀ Áfíríkà. Ó dé Nàìjíríà, ibi tí wọ́n ti sọ ọ́ ní Ọmọ́wálé. Ní Làìbéríà, ó kọ́ Fanga, ijó tí wọ́n fi ń kí àlejò káàbọ̀, ó sì gbé e lọ sórí ìtàgé Amẹ́ríkà. Láti ìgbà náà lọ, bó ṣe ń jó ló ń kọ́ni. Nígbà tó di àwọn ọdún 1960, ó ń fi ijó ìwọ̀ oòrùn Áfíríkà kọ́ àwọn ọmọ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ní New York nípa ìgbé ayé wa. Ó gba oyè ọ̀mọ̀wé ní yunifásítì New York ní 1978, ìjọba Amẹ́ríkà fún un ní àmì ẹ̀yẹ ńlá ti iṣẹ́ ọnà ní 1991, ó sì kú ní 1994.

Ta ló kọ́ ọ̀mọ̀wé yìí ní ijó Áfíríkà? Àwọn ará abúlé ni, àwọn tí kò sí ìwé ẹ̀rí kankan lọ́wọ́ wọn. Irú wọn ṣì wà ní ilẹ̀ Òkun tiwa níbí, ní Bùnú, ní Ọ̀wẹ̀, ní Ìjùmú, ní Yàgbà.

Mo ti rí ọ̀kan lẹ́nu iṣẹ́. Ilé ẹ̀kọ́ kan ké sí ìyá àgbàlagbà kan kí wọ́n wá múra àwọn ọmọ sílẹ̀ fún ọjọ́ àṣà. Ìyá náà kò tiẹ̀ kọ́kọ́ dárúkọ ẹsẹ̀ rárá. Wọ́n ní kí àwọn ọmọ jókòó sílẹ̀, kí wọ́n máa pàtẹ́wọ́ tẹ̀ lé agogo. Wọ́n á dá agogo dúró lójijì, wọ́n á máa gbọ́ bóyá àtẹ́wọ́ àwọn ọmọ yóò yẹsẹ̀. Ìgbà tí kò yẹ̀ mọ́ ni wọ́n tó ní kí wọ́n dìde. Ọmọbìnrin kan ń yọjú wo ẹsẹ̀ ẹni ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Ìyá dì í léjìká mú: “Fi ẹsẹ̀ ọ̀rẹ́ rẹ sílẹ̀, ìwọ gbọ́ agogo.” Wọ́n bẹ̀rẹ̀, wọ́n fọwọ́ kan orúnkún rẹ̀, wọ́n ní ibẹ̀ ni kó kọ́kọ́ dẹ̀, ìbàdí á tẹ̀ lé e. Ọmọ náà jó o. Mo lọ sí ilé ẹ̀kọ́ olùkọ́ni, n kò rí ẹni tó kọ́ wa ní ọgbọ́n ìkọ́ni tó ju ìyẹn lọ. Nígbà tí ìyá parí, ọṣẹ ìfọṣọ àti ohun mímu ẹlẹ́rìndòdò ni ilé ẹ̀kọ́ fi sìn wọ́n sọ́nà. Ojú tì mí fún gbogbo wa.

Mo mọ̀ pé àwọn òbí kan ń bẹ̀rù pé ijó ìbílẹ̀ á fa ọmọ lọ sídìí òrìṣà. Ọmọ ìjọ lèmi náà. Ijó tí a fi ń sin ìyàwó, èyí tí a fi ń ṣe ìkómọ, èwo ló ní ẹbọ nínú?

Aṣọ ìpò, aṣọ pupa ìsìnkú tí àwọn ìyá Bùnú hun, wà nílé ìṣẹ̀ǹbáyé lókè òkun; ẹni tó hun ún lè ti kú, aṣọ náà ṣì wà ńlẹ̀. Ní Ògìdì, Olóyè Nike Okundaye, gbajúmọ̀ oníṣẹ́ ọnà, ti kọ́ ilé fún iṣẹ́ ọnà, àwọn obìnrin ń hun aṣọ níbẹ̀, ayé sì ń wá wò wọ́n. Ijó kò ní irú ilé bẹ́ẹ̀ lọ́dọ̀ wa. Ara ẹni tó mọ̀ ọ́n nìkan ló wà, àwọn yẹn sì ń dàgbà.

Nítorí náà, mò ń bẹ àwọn tó ń bójú tó ẹ̀kọ́ ní ìjọba ìbílẹ̀ wa. CCA, ẹ̀kọ́ àṣà àti iṣẹ́ ọnà, ti wà nínú ètò àkókò ẹ̀kọ́ tẹ́lẹ̀. Ẹ fi àkókò kan níbẹ̀ sílẹ̀ fún ìyá tàbí bàbá tó mọ ijó ìlú náà, kí ẹ san owó ọkọ̀ wọn, kí ẹ san owó iṣẹ́ wọn bí ẹ ṣe ń san ti olùkọ́. Tí wọ́n bá gbà, kí àwọn ọmọ fi fóònù ká ijó náà sílẹ̀, pẹ̀lú orúkọ wọn àti ìlú wọn. Ẹ̀yin òǹkàwé tí ẹ mọ irú ẹni bẹ́ẹ̀ ládùúgbò yín, ẹ lọ bá ọ̀gá ilé ẹ̀kọ́ sọ ọ́ kí táàmù tó ń bọ̀ tó wọlé.

Èmi ni tiyín ní tòótọ́,
Olùkọ́ kan, Ìsánlú, ìpínlẹ̀ Kogí