Owó ló tán, àkítẹ́ẹ̀tì ò jẹ̀bi

Ẹ̀yin olóòtú wa, ẹ kú iṣẹ́ o. Òǹkàwé yín kan kọ̀wé lọ́sẹ̀ tó kọjá pé òun dé kàtídírà Holy Cross, ṣọ́ọ̀ṣì àgbà ìjọ Àgùdà ní Boston, pé ilé yẹn ò ní tọ́wà, ó dà bí ẹni tí wọ́n bẹ́ lórí, irú àkítẹ́ẹ̀tì wo ló ń ṣe iṣẹ́ àbọ̀ báyẹn. Ọ̀rọ̀ yẹn dùn mí díẹ̀ torí ibẹ̀ ni mo ti máa ń gba Máàsì.

Àkítẹ́ẹ̀tì tó ya àwòrán ilé yẹn ni Patrick Keely. Thurles ní Ireland ni wọ́n ti bí i ní 1816, kọ́lékọ́lé ni bàbá ẹ̀, òun náà wá sí Brooklyn ní New York ní 1842, iṣẹ́ káfíńtà ló sì kọ́kọ́ ń fi jẹun. Fadá kan tóun náà wá láti Ireland, Sylvester Malone, ló gbé iṣẹ́ ṣọ́ọ̀ṣì kan fún un ní Williamsburg nítòsí ibẹ̀, làwọn fadá yòókù bá rí i, bí wọ́n ṣe ń ránṣẹ́ pè é nìyẹn. Nígbà tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ kàtídírà Albany tó yà ní 1848, ọkùnrin yìí ò tíì ju ẹni ọdún 32 lọ.

Iṣẹ́ ò ṣàdédé pọ̀ fún un o. Láti 1845 ni àrùn ti ba pòtétò jẹ́ ní Ireland, nǹkan bíi mílíọ̀nù kan èèyàn kú, àwọn tó sá kúrò nílùú tún ju mílíọ̀nù kan lọ, ọ̀pọ̀ wọn já sí Amẹ́ríkà láìní kọ́bọ̀ lọ́wọ́, àwọn lébìrà àtàwọn ọmọ ọ̀dọ̀ yìí náà ló wá ń dáwó kọ́ ilé Ọlọ́run. Wọ́n ní ṣọ́ọ̀ṣì tí Keely yà sún mọ́ 600. 600 kẹ̀! Láìsí kọ̀ǹpútà! Yunifásítì Notre Dame fún un ní mẹ́dà Laetare, àmì ẹ̀yẹ tí wọ́n máa ń fún ọmọ ìjọ Àgùdà tó ta yọ, ní 1884.

Tọ́wà Holy Cross ṣáà wà nínú àwòrán tó yà, owó ni ò débẹ̀. Ti Brooklyn tiẹ̀ burú jù, wọ́n fìpìlẹ̀ kàtídírà ńlá lélẹ̀ ní 1868, ògiri ò tíì ga púpọ̀ tówó fi tán, wọ́n padà wó o, ilé ìwé Bishop Loughlin ló wà níbẹ̀ báyìí. (Èmi tí ilé mi ti wà ní líńtẹ̀lì ní Ìjẹ̀bú-Igbó láti ọdún kẹsàn-án, ta ni màá bú?) Ní ti kàtídírà tó yà fún Charleston ní South Carolina, Keely ti kú ní 1896 kí wọ́n tó ṣí i ní 1907, ọdún 2010 ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé ṣóńṣó lé e lórí.

Ẹ bá mi sọ fún òǹkàwé yín pé tó bá tún dé Holy Cross, kó má dúró síta máa wòkè, kó wọlé. Àwọn jàǹdùkú tó kórìíra ìjọ Àgùdà dáná sun ilé àwọn sísítà ní Charlestown nítòsí Boston níbí (kì í ṣe Charleston tòkè yẹn o) ní 1834, bíríkì inú ilé tó jóná yẹn ni wọ́n ṣà tí wọ́n fi mọ ẹnu ọ̀nà tó tẹ̀ bí òṣùmàrè, tèèyàn máa gba abẹ́ ẹ̀ kọjá kó tó dé ibi ìjókòó. Kó fọwọ́ kàn án.

Èmi ni òǹkàwé yín,
Ọmọ Ìjẹ̀bú ní Boston