Bọ́ọ̀lù aago mẹ́ta ní Ìlú Ọba: ẹ̀rọ yín kọ́ ló bàjẹ́

Olóòtú, ẹ kú iṣẹ́.

Ọ̀pọ̀ ọmọ Yorùbá ní Ìlú Ọba ló ń sanwó Sky Sports àti TNT Sports lóṣooṣù, síbẹ̀ tí bọ́ọ̀lù aago mẹ́ta ọ̀sán Sátidé kì í jáde. Òfin ló fà á. Láti aago 2:45 sí 5:15 lọ́jọ́ Sátidé, wọn kì í gbé bọ́ọ̀lù hàn ní tààràtà níbẹ̀, kí èrò má baà sá kúrò ní pápá àwọn ẹgbẹ́ kéékèèké. Mo fara mọ́ ìdí yẹn. Àmọ́ ó yẹ kí àwọn tó ń gbowó sọ ọ́ ketekete kí èèyàn tó sanwó.

Eré 380 ló wà nínú sáà Premier League kan. Láti sáà 2025/26, ó kéré tán, 215 ni ti Sky, 52 ni ti TNT. Ìyókù, kò sí owó tó lè rà á ní tààràtà ní Lọ́ńdọ̀nù, bẹ́ẹ̀ wọ́n ń wo aago mẹ́ta yẹn kan náà n'Íbàdàn lórí SuperSport, torí orílẹ̀-èdè kọ̀ọ̀kan ni wọ́n ń ta ẹ̀tọ́ rẹ̀ fún. Ẹ má yá àkáǹtì SuperSport ará ilé ní Nàìjíríà o: bí fóònù bá ti wà lórí Wi-Fi Peckham ní Lọ́ńdọ̀nù, áàpù á ka àdírẹ́sì íntánẹ́ẹ̀tì rẹ̀, kò sì ní ṣí.

Ẹ wo aago eré kí ẹ tó sanwó. Sátidé aago 12:30, TNT ni. Aago 5:30 àti ọjọ́ Sunday, Sky ni. Bí eré kan ṣoṣo lẹ fẹ́ wò lórí Sky, ẹ ra ti wákàtí 24 lórí NOW, áàpù Sky tí wọ́n fi ń wo tẹlifíṣọ̀n lórí íntánẹ́ẹ̀tì. Ti aago mẹ́ta, rédíò BBC 5 Live kò sí lábẹ́ òfin náà.