Màámi, Ohùn Yín Wà Nínú Orin Kan

Stockholm, Sweden
Ọjọ́ 11, oṣù Kejì

Màámi mi ọ̀wọ́n,

Mo kúnlẹ̀ kí yín láti inú òtútù. Ẹ kú ooru, ẹ kú ìnáwó, ẹ kú iṣẹ́ ẹgbẹ́. Orúnkún yín ńkọ́? Ṣé ẹ ń fi oògùn tí mo fi ránṣẹ́ níjọ́sí pa á, àbí ẹ ti tún pín in fún àwọn ọ̀rẹ́ yín? Àkànní, ìwọ tó ń ka lẹ́tà yìí, jọ̀ọ́ rọra kà á, má fo ibì kankan, pàápàá ibi tí ojú bá fẹ́ tì ọ́.

Mo gbọ́ pé ẹnì kan dúró dè yín lẹ́yìn ìsìn, ó ní Àdùnní ti di ará ilé ijó lọ́dọ̀ òyìnbó. Òótọ́ ni, mo lọ. Ẹ̀ẹ̀kan péré ni, omi ọsàn ni mo sì mu. Ohun tí ẹni yẹn ò mọ̀ ni pé ẹ̀yin náà wà níbẹ̀. Ohùn yín ni mo lọ gbọ́.

Ẹ má tíì bínú. Ẹ jẹ́ kí n rò ó láti ìbẹ̀rẹ̀, nítorí ẹnu yín la ń wò báyìí: bí ẹ bá ní kí orin náà jáde, á jáde, bí ẹ bá ní kó má jáde, ó tán nìyẹn.

Ẹ mọ̀ pé ilé ìtọ́jú àwọn arúgbó ni mo ti ń ṣiṣẹ́. Ọmọ Swede kan wà tí a jọ ń ṣe iṣẹ́ alẹ́, kọfí ló ń mu bí ẹni ń mu omi, ni mo bá sọ ọ́ ní Oníkọfí. Ọmọ náà ní sùúrù, àwọn ìyá àgbà fẹ́ràn rẹ̀ jù mí lọ. Tó bá ti kúrò níbi iṣẹ́, orin ijó ló ń ṣe, irú èyí tí wọ́n ń lù nílé ijó káàkiri Yúróòpù. Yàrá kótópó kan ló fi ṣe sítúdíò, nísàlẹ̀ ilé alájà tó ń gbé, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibi tí gbogbo ará ilé ti ń fọṣọ. Tí ẹ̀rọ ìfọṣọ bá ti ń yí, kò ṣeé gba ohùn sílẹ̀. Ó ní láti kọ́kọ́ lọ wo ìwé tí wọ́n lẹ̀ mọ́ ilẹ̀kùn, kó mọ ẹni tó kàn láti fọṣọ. Ẹ̀yin tí ẹ rò pé jẹnẹrétọ̀ Nàìjíríà nìkan ló ń dí èèyàn lọ́wọ́!

Nínú oṣù Kejìlá, nígbà tí oòrùn ibí ń wọ̀ kí aago mẹ́ta ọ̀sán tó lù, ẹ fi ohùn kan ránṣẹ́ sí mi lórí WhatsApp. Ẹ rántí? Ẹ ń fi han ọmọ Àkànní bí ẹ ṣe máa ń kiri láyé ìgbà tí mo wà ní kékeré. Mo ń jẹun lọ́wọ́ ní yàrá àwọn òṣìṣẹ́ nígbà tí mo tẹ̀ ẹ́. “Ẹ̀kọ rè é o! Ó gbóná fẹlifẹli o! Ẹ̀kọ rè é o!” Mi ò mọ ìgbà tí mo gbé ṣíbí sílẹ̀. Oníkọfí yọjú lẹ́nu ọ̀nà, ó ní ta ni olórin yẹn. Mo ní kì í ṣe olórin, ìyá mi ni, ọjà ló ń polówó. Ó ní kí n tún un tẹ̀. A tẹ̀ ẹ́ tó ẹ̀ẹ̀mẹ́fà, oúnjẹ mi tutù.

Láti ọ̀sẹ̀ yẹn ni mo ti ń sọ̀ kalẹ̀ lọ sí yàrá rẹ̀ lọ́jọ́ tí a bá wà nísinmi, mo sì ti rí bí wọ́n ṣe ń ṣe irú orin yìí.

Ìlù ni wọ́n fi ń bẹ̀rẹ̀. Màámi, ìlù tiwọn ò jọ tiwa. Lọ́dọ̀ tiwa, ìyáàlù ló ń sọ̀rọ̀, omele àti gúdúgúdú á máa di ilẹ̀ mú fún un. Tiwọn, èyí tó tóbi jù kì í sọ nǹkan kan: gbì, gbì, gbì, gbì, bákan náà, láìyẹsẹ̀, ìgbà 128 láàárín ìṣẹ́jú kan. Lọ́jọ́ àkọ́kọ́ mo ní ṣé ìlù náà lèyí? Ó dà bí ẹni ń gúnyán tí iyán ò kúnná. Àmọ́ ẹ dúró ná. Lórí gbì kejì àti ìkẹrin, àtẹ́wọ́ á dún: pá. Láàárín gbì kan àti èkejì, irin á sín bí ẹni ń sín: tsí. Béèsì náà kì í fara gbún ìlù, àlàfo tó wà láàárín ló máa ń wọ̀. Nígbà tí gbogbo rẹ̀ bá pé, kò sí àyè tí ara lè jókòó sí mọ́. Mo jókòó síbẹ̀ pẹ̀lú ẹ̀wù òtútù lọ́rùn, mo kàn rí i pé gìgísẹ̀ mi ti ń lu ilẹ̀.

Ohun kan wà níbẹ̀ tó wù mí ju gbogbo rẹ̀ lọ. Ó so dùùrù àti béèsì mọ́ ìlù ńlá yẹn nínú kọ̀ǹpútà, tó fi jẹ́ pé bí ìlù bá ti dún báyìí, àwọn yòókù á tẹ̀ ba, ó bá kọjá, wọ́n á dìde. Ó fi hàn mí lójú ẹ̀rọ: wọ́n tẹ̀ ba, wọ́n dìde, wọ́n tẹ̀ ba, wọ́n dìde. Mo ní bí ìyàwó ilé ṣe ń kúnlẹ̀ kí àwọn ọkọ ìdílé nìyẹn. Ibẹ̀ ni orin náà ti ń mí sínú mí sóde bí èèyàn.

Kò sí ìlù gidi kankan nínú yàrá náà o. Ìró ìlù wọn, ẹ̀rọ kan tí iléeṣẹ́ Roland ti ilẹ̀ Japan ṣe ní 1983 ló bí i, TR-909 ni wọ́n ń pè é. Dùùrù tó ń dún gán-gán-gán nínú orin ijó ọdún wọ̀nyẹn, láti inú Korg M1 ló ti wá, ìyẹn jáde ní 1988. Oníkọfí ò tíì délé ayé nígbà náà, kò sì lówó láti ra ọ̀kankan nínú wọn; ẹ̀dà ìró wọn ló wà nínú kọ̀ǹpútà rẹ̀.

Ó wá lu dùùrù lé e lórí, ara mi sì rọ̀ wọ̀ọ̀. Mo ní ṣé orin ayọ̀ kọ́ la ń ṣe ni? Orin yìí ń sunkún. Ó rẹ́rìn-ín, ó ní bẹ́ẹ̀ ni wọ́n máa ń ṣe é níbí: ẹsẹ̀ á máa yọ̀, ọkàn á máa ro tiẹ̀. Ìlú tí ilẹ̀ ti ń ṣú láago mẹ́ta, mi ò bi í léèrè ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Ìgbà tó kan ohùn yín ni ìjà dé. Ó fẹ́ kí ìparí ọ̀rọ̀ náà gòkè kó lè bá dùùrù mu, kọ̀ǹpútà sì lè fa ohùn èèyàn sókè bí ẹni fa omi nínú kànga. Ó fà á. Ó tẹ̀ ẹ́ fún mi. “Ẹ̀kọ́ rè é o!” Mo bú sẹ́rìn-ín títí omi fi dà lójú mi. Mo ní ìwọ ọmọ yìí, o ti sọ ìyá mi di tíṣà! Kò yé e. Mo pe méjèèjì fún un, ẹ̀kọ, ẹ̀kọ́, ó ní bákan náà ni wọ́n ń dún létí òun. Ó tó wákàtí kan kó tó gbọ́ ìyàtọ̀ náà. Ìgbà náà ni mo wá sọ fún un pé èyí tí ẹ tà ni ẹ fi ra èkejì fún mi, láti ilé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ dé ilé-ìwé àwọn nọ́ọ̀sì. Kò sọ nǹkan kan. Ó da ohùn yín padà sí bí ẹ ṣe pè é, gbogbo ibẹ̀, àfi ibì kan ṣoṣo. Ní ìparí pátápátá, níbi tí ìlù ti dákẹ́, ó fi í sílẹ̀ kó gòkè lẹ́ẹ̀kan. Ẹni tó bá gbọ́ Yorùbá nìkan ló máa mọ ohun tó ṣẹlẹ̀ níbẹ̀.

Èmi náà kọrin díẹ̀. Inú àpótí aṣọ ńlá rẹ̀ ni mo wọ̀, láàárín àwọn kóòtù òtútù, nítorí aṣọ máa ń gbé ariwo mì. Mo kọ ìlà kan náà títí ọ̀nà ọ̀fun mi fi gbẹ, ó wá to èmi mẹ́fà lé ara wọn lórí bí ẹgbẹ́ akọrin.

Ó fẹ́ràn ìtàn púpọ̀. Bàbá ìsàlẹ̀ irú iṣẹ́ yìí ní Stockholm, lójú tiẹ̀, ni Denniz Pop, DJ tí kò mọ dùùrù tẹ̀ dáadáa, tó sì kú ní 1998 lẹ́ni ọdún 35. Àwọn ọmọ Gothenburg kan, Ace of Base, fi kásẹ́ẹ̀tì ránṣẹ́ sí i, kò wù ú. Kásẹ́ẹ̀tì ọ̀hún há sínú ẹ̀rọ ọkọ̀ rẹ̀, kò jáde mọ́, orin kan náà ló wá ń gbọ́ lọ gbọ́ bọ̀, títí tó fi rí ohun tó lè fi ṣe. Òun ni “All That She Wants” tó gba ayé kan lẹ́yìn 1992. Nítorí ìtàn yẹn, gbogbo ohun tí Oníkọfí bá ṣe, inú ọkọ̀ ìyá rẹ̀ la ti ń lọ dán an wò, nínú yìnyín, pẹ̀lú ilẹ̀kùn títì.

Èmi náà sì ní ìtàn tèmi fún un. Denniz Pop yìí kan náà ló bá Dr. Alban ṣe “Hello Afrika” ní 1990, tí wọ́n tún ṣe “It's My Life” ní 1992. Ẹ rántí orin yẹn, òde ọjọ́ ìbí wo ni wọn ò ti lù ú? Ọmọ Nàìjíríà wa ni, ará Oguta nílẹ̀ Ìgbò. Ẹni ọdún 23 ló dé Sweden láti kọ́ iṣẹ́ oníṣègùn eyín, ó wá ń ṣe DJ nílé ijó kan láti fi rówó ilé-ìwé san. Dókítà tó wà lára orúkọ rẹ̀, ti eyín ni. Oníkọfí ti mọ èyí tẹ́lẹ̀, àmọ́ ó jẹ́ kí n sọ ọ́ tán.

Màámi, ibi tí ọ̀rọ̀ wà gan-an rè é. Nígbà tí orin náà ń dùn bọ̀, mo béèrè orúkọ ta ni a máa kọ sí i. Ó ní tèmi àti tòun. Mo ní ìyá mi ńkọ́? Ó ní ohùn yẹn ò ju bí èèyàn ṣe sín lẹ́ẹ̀mejì lọ, àti pé orí fóònù ló wà. Kì í ṣe olè ọmọ, kò kàn rò ó ni. Ṣùgbọ́n ẹnu ara rẹ̀ ló ti sọ fún mi nípa àwọn ará Ítálì kan, Black Box, tí wọ́n ṣe “Ride on Time” ní 1989. Ohùn obìnrin ará Amẹ́ríkà kan, Loleatta Holloway, ni wọ́n gé látinú orin tó kọ ní 1980, wọn ò tọrọ lọ́wọ́ rẹ̀. Wọ́n wá gbé arẹwà mìíràn síwájú kámẹ́rà, ìyẹn kàn ń la ẹnu pà-pà-pà. Orin náà gorí gbogbo orin nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì fún ọ̀sẹ̀ 6, ẹni tó ni ọ̀fun sì wà nílé. Ìgbà tí ọ̀rọ̀ di ti lọ́yà ni wọ́n tó fún un lówó. Mo ní ṣé irú èyí lo fẹ́ fi ìyá mi ṣe? Ojú rẹ̀ pọ́n. Lọ́jọ́ kejì ó mú ìwé wá.

Ẹgbẹ́ kan wà níbí tó ń jẹ́ STIM, láti 1923 ni wọ́n ti ń gba owó fún àwọn tó ni orin. Ohun tí a kọ sílẹ̀ láti fún wọn rèé: nínú 100, Oníkọfí 50, èmi 25, ẹ̀yin 25. Orúkọ yín ni yóò wà níbẹ̀, gbogbo rẹ̀, pẹ̀lú àmì. Ẹ má tíì sọ fún ẹgbẹ́ o! Owó tó ń tinú orin orí íntánẹ́ẹ̀tì wọlé, bí ìgbà tí èèyàn ń fi àbẹ́rẹ́ bomi ni.

Ẹ̀ṣẹ̀ mi ló kù. A ti lù ú lẹ́ẹ̀kan kí n tó béèrè lọ́wọ́ yín. DJ kan tó jẹ́ ọ̀rẹ́ rẹ̀ ní òun á dán an wò lálẹ́ Sátidé, mo sì ní kí n kàn lọ gbọ́ ọ. Ẹ foríjì mí. Ó ti ju aago kan òru lọ. Ìlù nìkan ló kọ́kọ́ ń dún nínú orin náà, gbì méjìlélọ́gbọ̀n; àyè tí wọ́n ń fi sílẹ̀ nìyẹn kí DJ lè fi so mọ́ èyí tó ń lọ lọ́wọ́, kí ẹsẹ̀ má dá. Lẹ́yìn náà dùùrù wọlé. Ní àárín, wọ́n yọ ìlù kúrò. Ìlù kékeré bẹ̀rẹ̀ sí í sáré, ó ń yára sí i, ó ń yára sí i, gbogbo wọn gbọ́wọ́ sókè, ó sì dákẹ́ lójijì. Kẹ́kẹ́ pa. Nínú ìdákẹ́jẹ́ yẹn lẹ ti sọ̀rọ̀: “Ẹ̀kọ rè é o!” Ìlù sì wó lulẹ̀ padà. Màámi, àwọn èèyàn tí wọn kì í kí ara wọn nínú ọkọ̀ ojú irin ń fò sókè, wọ́n ń pariwo ẹ̀kọ tí wọn ò jẹ rí. Ẹ̀gbẹ́ ògiri ni mo dúró sí.

Mo mọ̀ pé ọtí wà níbẹ̀, mo sì mọ ohun tí ìyá ìjọ lè sọ. Mi ò ní parọ́ fún yín pé inú ṣọ́ọ̀ṣì ni wọ́n máa lù ú. Ẹ rò ó dáadáa, ẹ bá ẹni tí ẹ bá fẹ́ sọ̀rọ̀, kí ẹ wá sọ bẹ́ẹ̀ ni tàbí bẹ́ẹ̀ kọ́ fún mi pẹ̀lú ẹnu ara yín. Kì í ṣe Àkànní ni kó dáhùn.

Tó bá jẹ́ bẹ́ẹ̀ ni, Oníkọfí bẹ̀ yín kí ẹ tún un pè. Àárọ̀ kùtù ni kó jẹ́, kí wọ́n tó tan jẹnẹrétọ̀. Kí Àkànní pa fáànù, kó gbé fóònù sórí tábìlì, kó má fi ọwọ́ dì í mú, kí ẹ sì dúró jìnnà díẹ̀. Ẹ pè é bí ìgbà tí ẹ bá ń ti ìdí ilé kan bọ̀ sí ìdí èkejì. Àkùkọ tó kọ lẹ́yìn yín nínú ti àkọ́kọ́ ńkọ́, ṣé ó ṣì wà láyé? Ó wà nínú orin náà, ọmọ yìí kọ̀ láti yọ ọ́. Ẹ má lé e kúrò lágbàlá.

Ọmọ yín,
Àdùnní